Obìnrin Abẹ́ Ìbòrí: Orúkọ Tí Òfin Gẹ̀ẹ́sì Àtijọ́ Fún Obìnrin

Nínú ìwé òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́, obìnrin tó ti lọ́kọ ń jẹ́ feme covert, èyí tí kò lọ́kọ sì ń jẹ́ feme sole. Èdè Faransé ni ọ̀rọ̀ méjèèjì. Àwọn ará Normandy ló kó èdè náà wọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nígbà tí wọ́n ṣẹ́gun ibẹ̀ lọ́dún 1066. Ó wọ ààfin, ó wọ kóòtù, àwọn lọ́yà sì ń lò ó títí ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún lẹ́yìn tí àwọn ará ìlú ti gbàgbé rẹ̀. Feme sole ni obìnrin tó dá dúró. Feme covert ni obìnrin tí wọ́n da nǹkan bò, ọkọ rẹ̀ sì ni ìbòrí náà. Ipò abẹ́ ìbòrí yìí ni wọ́n ń pè ní coverture.

Yorùbá náà ní orúkọ tirẹ̀: wúńdíá, abilékọ, opó, dálémoṣú. Ẹni tó bá gbọ́ wọn yóò mọ ibi tí obìnrin dúró sí láàárín ẹbí àti àdúgbò. Àmọ́ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, adájọ́ ló ń fi orúkọ pín nǹkan. Orúkọ tí wọ́n bá kọ síwájú obìnrin nínú ìwé kóòtù ló ń sọ bóyá ó lè ta ilẹ̀, bóyá ó lè pe ẹlòmíràn lẹ́jọ́, àti ta ló ni owó tó wà nínú àpamọ́wọ́ rẹ̀.

Obìnrin tó dá dúró, tó sì ti pé ọmọ ọdún 21, kò kéré níwájú òfin ohun ìní. Ó lè ra ilé, ó lè yáni lówó, ó lè tọwọ́ bọ àdéhùn, ó lè ṣe ìwé ìhágún. Ọjọ́ tó bá wọ ṣọ́ọ̀ṣì lọ ṣègbéyàwó ni gbogbo èyí yí padà. William Blackstone, tí ìwé rẹ̀ lórí òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì jáde láàárín 1765 sí 1769, ṣàlàyé pé lójú òfin, ẹnì kan ṣoṣo ni tọkọtaya, àti pé wíwà obìnrin gẹ́gẹ́ bí ẹni tí òfin mọ̀ á dáwọ́ dúró tàbí kó wọnú ti ọkọ rẹ̀.

Ká ní omidan kan ní ogún pọ́n-ùn, màlúù kan, ṣíbí fàdákà mẹ́fà àti oko kan tí bàbá rẹ̀ fi sílẹ̀ fún un. Bí ó bá ti ṣègbéyàwó tán, owó, màlúù àti ṣíbí ti di ti ọkọ pátápátá. Ó lè ta wọ́n ní ọjọ́ kejì, ó lè fi wọ́n ta tẹ́tẹ́. Ti oko yàtọ̀ díẹ̀. Ọkọ ni yóò máa gba owó ilẹ̀, ṣùgbọ́n kò lè tà á láìjẹ́ pé aya fọwọ́ sí i, adájọ́ á sì pe aya náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, níbi tí ọkọ kò sí, kó bi í bóyá wọ́n fi agbára mú un. Òfin tó ní ẹnì kan ṣoṣo ni wọ́n ló tún ń yà wọ́n sọ́tọ̀ fún ìgbà díẹ̀ láti gbọ́ tẹnu ìkejì. Aṣọ àti ohun ọ̀ṣọ́ ọrùn aya tilẹ̀ ní orúkọ tirẹ̀, paraphernalia, tí wọ́n mú láti inú èdè Gíríìkì. Ọkọ lè tà wọ́n nígbà ayé rẹ̀, ṣùgbọ́n kò lè fi wọ́n jogún fún ẹlòmíràn nínú ìwé ìhágún.

Ìbòrí náà wúwo fún ọkọ pẹ̀lú. Gbèsè tí obìnrin jẹ kó tó lọ́kọ á tẹ̀ lé e wọlé ọkọ, ọkọ ni wọ́n á sì pè lẹ́jọ́. Bí aya bá ra oúnjẹ, aṣọ tàbí oògùn láwìn, ọkọ ló ń san án. Ìdí nìyẹn tí ìwé ìròyìn London ní ọ̀rúndún kejìdínlógún fi kún fún ìkéde àwọn ọkọ tí aya wọn ti kó jáde: kí ẹnikẹ́ni má ta ọjà láwìn fún lágbájá mọ́, nítorí pé ọkọ kò ní san kọ́bọ̀. Ẹni tó bá ti rí ìkéde àyípadà orúkọ nínú ìwé ìròyìn Nàìjíríà mọ bí irú ìkéde bẹ́ẹ̀ ṣe máa ń rí, kúkurú, láìsí ẹ̀rín lẹ́nu.

Bí a bá wá wo orúkọ tí òfin fún ọkọ fúnra rẹ̀, ọ̀rọ̀ yìí á túbọ̀ le. Baron ni wọ́n ń pè é, ìyẹn olúwa. Baron et feme, olúwa àti obìnrin, ni àkọlé tí wọ́n ń fi sórí òfin ìgbéyàwó. Àwàdà kọ́ ni wọ́n ń fi orúkọ yìí ṣe. Òfin ọdún 1351 lórí ọ̀tẹ̀ sọ pé bí aya bá pa ọkọ rẹ̀, ìpànìyàn lásán kọ́ ló ṣe. Ó ti ṣọ̀tẹ̀ sí olúwa rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ìránṣẹ́ tó pa ọ̀gá. Iná ni wọ́n ń fi jó irú obìnrin bẹ́ẹ̀ títí di ọdún 1790. Ọkọ tó bá pa aya, ìpànìyàn ni, okùn ló sì ń dúró dè é. Ẹ̀ṣẹ̀ yẹn kò kúrò nínú ìwé òfin bí ọ̀tẹ̀ àfi lọ́dún 1828.

Ọjà ni wọ́n ti kọ́kọ́ rí ihò lára ìbòrí náà. Nínú ìwé àṣà ìlú London tí akọ̀wé ìlú náà, John Carpenter, kó jọ lọ́dún 1419, àyè wà fún abilékọ tó ń ṣe iṣẹ́ ọwọ́ tirẹ̀ lọ́tọ̀, tí ọkọ rẹ̀ kò sì dá sí i. Nínú ọ̀rọ̀ iṣẹ́ náà, feme sole ni wọ́n kà á sí. Ó lè pẹjọ́, wọ́n sì lè pè é lẹ́jọ́. Bí ó bá jẹ gbèsè tí kò rí san, òun ni wọ́n ń tì mọ́lé, wọn kì í fọwọ́ kan ẹrù ọkọ. Ó hàn pé àánú obìnrin kọ́ ló bí àṣà yìí. Àwọn tó ń tajà fún un ló fẹ́ mọ ọwọ́ tí wọ́n máa dì mú. Irú ìdí kan náà ló wà lẹ́yìn òfin tí Pennsylvania ṣe lọ́dún 1718, nígbà tí ó ṣì wà lábẹ́ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, fún aya àwọn atukọ̀: bí ọkọ bá ti wà lójú òkun, tí aya sì ń ṣòwò nílé, obìnrin tó dá dúró ni títí ọkọ yóò fi dé.

Kò sí ẹni tó ní láti ṣe irú òfin bẹ́ẹ̀ fún ọjà Ìbàdàn. Owó òwò aya jẹ́ ti aya lójú àṣà Yorùbá, òun náà ló sì ń dáhùn fún gbèsè rẹ̀. Nígbà tí Ìyálóde Ẹfúnṣetán Aníwúrà kú lọ́dún 1874, lẹ́yìn tí ó ti ní oko àti ẹrú rẹpẹtẹ, tí ó sì ti ta ìbọn àti ẹ̀tù láwìn fún àwọn jagunjagun, ohun ìní abilékọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, yàtọ̀ sí owó iṣẹ́ rẹ̀ àti ìwọ̀nba nǹkan díẹ̀, ṣì ń bọ́ sọ́wọ́ ọkọ.

Ikú ọkọ ló ń ṣí ìbòrí náà kúrò. Opó tún ti di feme sole, àmọ́ nínú ìwé ìhágún àti lára òkúta ibojì, relict ni wọ́n ń kọ, ìyẹn ẹni tí wọ́n fi sílẹ̀ sẹ́yìn. Ìdá kan nínú mẹ́ta ilẹ̀ ọkọ jẹ́ tirẹ̀ títí yóò fi kú. Dower ni orúkọ ìpín yìí, inú rẹ̀ ni wọ́n sì ti mú dowager, tí wọ́n ń pe opó ọlọ́lá. Magna Carta ọdún 1215 dá sí ọ̀rọ̀ opó dáadáa. Ó ní kí opó gba ogún rẹ̀ láìsan ohunkóhun, kó lè jókòó sílé ọkọ fún ogójì ọjọ́ nígbà tí wọ́n bá ń yọ ìpín rẹ̀ sọ́tọ̀, kí ẹnikẹ́ni má sì fi tipátipá fún un lọ́kọ mìíràn. Àwọn ọlọ́lá tó ń bá ọba jà nígbà náà mọ ohun tí wọ́n ń sọ: ọba a máa ta opó olówó fún ẹni tó bá wù ú. Bí ó bá jẹ́ aya ló kú ṣáájú, ìpín ọkọ pọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Gbogbo ilẹ̀ aya ni yóò máa jẹ títí ayé rẹ̀, bí wọ́n bá sáà ti bí ọmọ kan láàyè. Igbe ọmọ ìkókó náà, tí àwọn èèyàn gbọ́ láàárín ògiri mẹ́rin, ni ẹ̀rí tí kóòtù àtijọ́ máa ń béèrè.

Spinster ni ọ̀rọ̀ tó rìn jìnnà jù nínú gbogbo wọn. Ẹni tó ń ran òwú ló túmọ̀ sí ní ọ̀rúndún kẹrìnlá, orúkọ iṣẹ́ gẹ́gẹ́ bí alágbẹ̀dẹ tàbí aláró. Nígbà tó di ọ̀rúndún kẹtàdínlógún, ó ti di orúkọ tí òfin fi ń pe obìnrin tí kò tíì lọ́kọ. Láàárín ìyípadà náà, ó ṣe bákan. Nínú ìwé ẹ̀sùn kóòtù Essex nígbà ayé Elizabeth Kìíní, wọ́n á kọ pé obìnrin kan jẹ́ aya lágbájá, wọ́n á sì tún pe obìnrin yẹn kan náà ní spinster. Ẹ̀yìn náà ni ẹ̀gàn wọ inú ọ̀rọ̀ náà, tó fi di ohun tí wọ́n ń sọ sí arúgbó tí kò rí ọkọ fẹ́. Bachelor ọkùnrin kò ru irú ẹrù bẹ́ẹ̀ rí.

Àwọn olówó mọ ọ̀nà ẹ̀bùrú. Bàbá ọlọ́rọ̀ á gbé ohun ìní ọmọ rẹ̀ obìnrin lé àwọn alágbàtọ́ lọ́wọ́, Kóòtù Chancery á sì dáàbò bò ó lọ́wọ́ àna. Talákà kò lówó lọ́yà tó máa kọ irú ìwé bẹ́ẹ̀, nítorí náà orí aláró, alágbàfọ̀ àti òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ aṣọ ni gbogbo ìwúwo òfin náà bọ́ sí.

Bẹ́ẹ̀ náà ni kò sí ààbò fún Caroline Norton, òǹkọ̀wé tó lókìkí. George, ọkọ rẹ̀, jẹ́ lọ́yà àti aṣòfin. Nígbà tí ìgbéyàwó wọn dàrú lọ́dún 1836, ó kó àwọn ọmọkùnrin wọn mẹ́ta lọ, ó sì pe Lord Melbourne, olórí ìjọba ìgbà náà, lẹ́jọ́ pé ó bá aya òun ṣèṣekúṣe. George pàdánù ẹjọ́ náà. Ọmọ ṣì jẹ́ tirẹ̀. Owó tí Caroline ń rí lórí ìwé tó ń kọ jẹ́ ti George pẹ̀lú. Obìnrin náà wá fi òfin gún òfin lójú: ó ní kí àwọn tí òun jẹ lówó lọ pe George, ṣebí òfin ló ní òun kò sí. Ìwé tó ń kọ lórí ọ̀rọ̀ yìí wà lára ohun tó mú òfin ọdún 1839 jáde, tó gba ìyá láàyè láti bẹ kóòtù kí ọmọ tí kò tíì pé ọdún méje wà lọ́dọ̀ rẹ̀. Lọ́dún 1856, ẹ̀bẹ̀ tí èèyàn bí 26,000 fọwọ́ sí dé Ilé Aṣòfin lórí ohun ìní abilékọ. Barbara Leigh Smith wà lára àwọn tó ṣáájú rẹ̀. Òfin ọdún 1857 tó dá kóòtù ìkọ̀sílẹ̀ sílẹ̀ gbà pé aya tí kóòtù bá yà kúrò lọ́dọ̀ ọkọ yóò di feme sole ní ti ohun ìní.

Fún àwọn tó ṣì wà nílé ọkọ, nǹkan kò tíì yí padà púpọ̀. Olè kan já àpamọ́wọ́ Millicent Fawcett gbà ní ibùdó ọkọ̀ ojú irin Waterloo, ọwọ́ sì tẹ̀ ẹ́. Nígbà tí wọ́n ka ẹ̀sùn ní kóòtù, Millicent gbọ́ pé olè náà jí àpamọ́wọ́ tó jẹ́ ti Henry Fawcett, ọkọ rẹ̀. Ó ní ó ṣe òun bí ẹni pé òun fúnra òun ni wọ́n fẹ̀sùn olè kàn. Òun ló wá ṣáájú àwọn obìnrin tó ja ìjà ẹ̀tọ́ ìdìbò lẹ́yìn náà.

Lọ́dún 1870, òfin tuntun fi owó iṣẹ́ abilékọ sí ìkáwọ́ rẹ̀. Èyí tó tóbi ni ti ọdún 1882, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní 1883. Àwọn aṣòfin kò wá ọ̀rọ̀ tuntun. Wọ́n ní kí abilékọ máa ní ohun ìní, kó máa tà á, kó sì máa fi í jogún, bí ẹni pé feme sole ni. Ara ni òfin yẹn kò tú sílẹ̀. Lọ́dún 1891, ọkùnrin kan gbé aya rẹ̀ níwájú ṣọ́ọ̀ṣì kan ní Clitheroe lọ́jọ́ Sunday, ó sì tì í mọ́lé, ó ní ẹ̀tọ́ òun ni. Kóòtù kòtẹ́milọ́rùn ní kó tú u sílẹ̀. Ọdún 1935 ni òfin pa ọ̀pọ̀ nínú ìyókù ìdènà lórí ohun ìní àti àdéhùn rẹ́.

Òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dé Èkó pẹ̀lú ìjọba amúnisìn, òfin ìgbéyàwó ti ọdún 1884 sì mú ìgbéyàwó olórúka wọ ìwé ìjọba níbẹ̀. Nínú ẹjọ́ Cole àti Cole lọ́dún 1898, ọkùnrin kan kú láìṣe ìwé ìhágún, arákùnrin rẹ̀ sì fẹ́ gba ẹrù rẹ̀ lọ́nà àṣà ìbílẹ̀. Kóòtù ní ìgbéyàwó onígbàgbọ́ tí olóògbé ṣe ti mú ogún rẹ̀ bọ́ sábẹ́ òfin Gẹ̀ẹ́sì.

Ọ̀rọ̀ tó dúró sí Nàìjíríà ni spinster. Ní England àti Wales, wọ́n yọ ọ́ kúrò nínú ìwé ìgbéyàwó ní oṣù Kejìlá ọdún 2005, pa pọ̀ mọ́ bachelor, wọ́n sì fi single rọ́pò méjèèjì. Ní Nàìjíríà, ọmọge tó bá lọ gba fọ́ọ̀mù ìgbéyàwó ní registry yóò rí ibi tí wọ́n ti ń béèrè ipò rẹ̀. Spinster ni yóò kọ síbẹ̀, ì báà jẹ́ dókítà tàbí òṣìṣẹ́ báǹkì tí kò fọwọ́ kan òwú rí láyé rẹ̀. Bí wọ́n bá sì ní kó lọ búra ní kóòtù pé òun kò tíì lọ́kọ, ọ̀rọ̀ yẹn náà ni akọ̀wé kóòtù yóò tẹ̀ sórí ìwé ìbúra rẹ̀.