Ẹ̀tẹ̀, Ẹ̀tẹ́ àti Tẹ̀tẹ̀: Ọ̀rọ̀ Ibi àti Orúkọ Ewé òun Àlùmọ́nì tí Ìró Wọn Jọra

Gbogbo wa tí a ń yẹ ìwé ìdánwò wò ni a ti pàdé gbólóhùn bí 'Ete ba a', tí akẹ́kọ̀ọ́ kọ láìfi àmì kankan sí i. Kí ni ó bá ẹni náà? Bí ó bá jẹ́ ẹ̀tẹ̀, àrùn ni. Bí ó bá jẹ́ ẹ̀tẹ́, ìtìjú ni. Ẹni tí àrùn ń ṣe kò ṣẹ̀ ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n àṣejù ni baba àṣetẹ́. Ohùn ìparí nìkan ni ó ya àwọn méjèèjì sọ́tọ̀. Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ máàkì nìkan, nítorí ẹni tí ó bá ṣi àmì fi sí i lè ba ènìyàn jẹ́.

Ọ̀nà mẹ́ta ni irú ìjọra báyìí pín sí. Èkíní ni èyí tí ìró àti ohùn bára mu pátápátá. Egbò ni ọgbẹ́ ara. Egbò náà ni gbòǹgbò igi, láti inú èyí tí a ti rí egbòogi. Àmì ohùn kò lè ràn wá lọ́wọ́ níbẹ̀, àyíká gbólóhùn ni a ó wò. Èkejì ni èyí tí ohùn nìkan yà: ìṣẹ́ ni òṣì, iṣẹ́ sì ni ohun tí a ń ṣe jẹun. Ẹ̀kẹta ni èyí tí fáwẹ́ẹ̀lì pàápàá yàtọ̀: ẹ̀gún ara igi kì í ṣe ègún ẹnu, bẹ́ẹ̀ ni idẹ tí a fi ń rọ ẹ̀gbà kì í ṣe ìdè ẹlẹ́wọ̀n.

Ní Isinbode àti káàkiri ilẹ̀ Èkìtì, uṣẹ́ ni wọ́n ń pe iṣẹ́, ulé sì ni wọ́n ń pe ilé. Fáwẹ́ẹ̀lì ìbẹ̀rẹ̀ yí padà, ṣùgbọ́n ohùn kò yí. Nítorí náà, kí olùkọ́ má ṣe fi ẹ̀ka-èdè ọmọ ṣe yẹ̀yẹ́. Kí ó ní kí ọmọ pe ọ̀rọ̀ náà bí wọ́n ti ń pè é nílé, kí ó fetí sí ohùn rẹ̀, kí ó tó fi àmì sí i ní Yorùbá àjùmọ̀lò.

Ibi tí ìṣòro wà jù ni ọfọ̀ (kí a má ṣe kọ ọ́ bí ọ̀fọ̀, èyí tí í ṣe ìbànújẹ́ lórí òkú). Pierre Verger, nínú àpilẹ̀kọ rẹ̀ ti 1972 àti nínú ìwé rẹ̀ lórí ewé tí ó jáde ní 1995, fi hàn pé ìró orúkọ ewé sábà máa ń bá ti ọ̀rọ̀-ìṣe inú ọfọ̀ rẹ̀ mu. Àwọn àgbà a máa sọ pé ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ kì í tẹ́ láàárín ẹ̀fọ́ yòókù. Ṣùgbọ́n ohùn ìsàlẹ̀ ni ti tẹ̀tẹ̀, ohùn òkè ni ti tẹ́. Ìró ni wọ́n fi ń ṣeré níhìn-ín. Kì í ṣe ẹ̀rí pé ara tẹ́ ni a ti ṣẹ̀dá tẹ̀tẹ̀.

Àwọn Gẹ̀ẹ́sì náà ní irú eré yìí. Ewé kan wà tí wọ́n ń pè ní 'rue'. Ọ̀rọ̀ kan náà ni wọ́n fi ń pe àbámọ̀. Nínú eré Hamlet, Shakespeare jẹ́ kí Ophelia pín ewé náà fún àwọn tí ó yí i ká. Síbẹ̀, láti inú èdè Látìn ni orúkọ ewé ti wá, ti àbámọ̀ sì jẹ́ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́. Orísun wọn kò kanra rárá.

Ìmọ̀ràn wa ni pé kí olùyẹ̀wéwò gba eré ìró gẹ́gẹ́ bí ọnà èdè nígbà tí ìbéèrè bá jẹ́ ti lítíréṣọ̀, ṣùgbọ́n kí ó má ṣe gbà á gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí nígbà tí ìbéèrè bá jẹ́ ti ìṣẹ̀dá ọ̀rọ̀. Kí olùkọ́ sì máa fi ọ̀rọ̀ méjì méjì báyìí sínú gbólóhùn fún àwọn ọmọ, kí wọ́n lè fi etí ara wọn gbọ́ ohun tí àmì ohùn ń ṣe.