Ilẹ̀, Idẹ àti Ọwọ́ Òsì: Kí Ni Onígbàgbọ́ Ń Wá Lọ sí Ilédì?

Ọ̀rọ̀ tí a fẹ́ bá ìdílé wa sọ lónìí kì í ṣe èyí tí àwọn ènìyàn ń sọ sókè. Kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ ni wọ́n ń sọ ọ́. Ní Múṣin, ní Yábàá, ní Sùúrùlérè, kò sí àdúgbò tí kò sí ilé ìjọsìn. Síbẹ̀ àwọn ìdílé kan wà tó jẹ́ pé ọjọ́ tí bàbá kú ni ìyàwó àti ọmọ ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ pé Ògbóni ni. Wọ́n ti ránṣẹ́ sí pásítọ̀, wọ́n ti sanwó sàréè ní Àtàn, ni àwọn àgbà kan bá dé pẹ̀lú ìtàgbé léjìká. Wọ́n ní ọmọ àwọn ló lọ, àwọn ní ètùtù tí àwọn yóò ṣe kí ẹnikẹ́ni tó gbé òkú. Ìjà dé nìyẹn, níbi tó yẹ kí a ti máa sunkún.

KÍ NI ÒGBÓNI?

Àwọn baba ńlá wa gbà pé Ilẹ̀ ló ń bọ́ wa, òun náà ni yóò sì gbà wá padà. Ògbóni, tí àwọn Ìjẹ̀bú ń pè ní Òṣùgbó, ni ẹgbẹ́ àwọn àgbà tó ń sin Ilẹ̀ yìí. Ilédì ni ilé ìpàdé wọn. Olúwo ni olórí wọn, Apènà wà níbẹ̀, àwọn Ìwàrẹ̀fà wà níbẹ̀, àwọn obìnrin náà sì ní Erelú.

Ẹ jẹ́ kí a sọ òtítọ́ nípa wọn. Láyé àtijọ́, àwọn Ògbóni ló ń ṣèjọba láàrin àwọn Ẹ̀gbá, àwọn ló sì máa ń kó ọba tó bá fẹ́ tẹ ìlú mọ́lẹ̀ níjàánu. Bí ènìyàn méjì bá jà, tí ẹ̀jẹ̀ kán sílẹ̀, wọ́n ti ṣẹ Ilẹ̀ nìyẹn. Ògbóni ni yóò pè wọ́n lẹ́jọ́. Nítorí náà, kì í ṣe gbogbo ìtàn tí a ń gbọ́ lẹ́nu àwọn tó ń dẹ́rù bani ló jẹ́ òtítọ́.

Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tí ẹ̀sìn náà rọ̀ mọ́. Ohun tí ọwọ́ lè kàn ni. Edan ni àmì wọn: ère méjì, akọ àti abo, tí ẹ̀wọ̀n so pọ̀ lórí. Alágbẹ̀dẹ á fi ìda mọ ère náà, á fi amọ̀ bò ó, á fi iná yọ ìda náà kúrò, á wá da idẹ gbígbóná sí àyè rẹ̀. Ọwọ́ òsì ni wọ́n fi ń kí ara wọn. Ilẹ̀ ni wọ́n fi ń búra. Ẹnu wa pàápàá ń jẹ́rìí sí i: ẹni tó bá dá májẹ̀mú ìkọ̀kọ̀, a ní ó mulẹ̀, ẹni tó bá sì tú àṣírí, a ní ó dalẹ̀. “Ẹni tó bá dalẹ̀ á bá ilẹ̀ lọ.” Ẹ̀rù ọ̀rọ̀ yìí ló ń de ọ̀pọ̀ wọn mọ́lẹ̀.

ÒGBÓNI WỌ INÚ ÌJỌ

Ní ọdún 1914, àlùfáà Ìjọ Áńgílíkà kan ní Èkó, T. A. J. Ògúnbíyìí, dá ẹgbẹ́ Ògbóni sílẹ̀ fún àwọn Onígbàgbọ́. Ó fẹ́ kí wọ́n rí ìfẹ́ ọmọ ìyá àti ìrànlọ́wọ́ tí ń bẹ nínú Ògbóni láìbọ òrìṣà. Àríyànjiyàn ńlá ni èyí dá sílẹ̀ nínú Ìjọ. Ní 1934, ẹgbẹ́ náà ṣílẹ̀kùn fún àwọn tí kì í ṣe Onígbàgbọ́, ó sì di Reformed Ogboni Fraternity. Àwọn ọmọ ẹgbẹ́ a máa sọ pé àwọn kì í ṣe ẹgbẹ́ ìmùlẹ̀. Òfin Nàìjíríà ti 1999, ní abala 38, sọ pé òmìnira ẹ̀sìn kò fún ẹnikẹ́ni ní ẹ̀tọ́ láti dá ẹgbẹ́ ìmùlẹ̀ sílẹ̀ tàbí láti wà nínú rẹ̀.

Kí ló ń gbé Onígbàgbọ́ débẹ̀? Òmíràn ń wá kọ́ńtíráàtì, òmíràn ń wá ìgbéga níbi iṣẹ́. Òmíràn sì rò pé bí òun bá ní ẹjọ́ ní kóòtù, ọmọ ìyá kan yóò gba òun sílẹ̀. Nígbà mìíràn, ẹ̀dùn ọkàn ló gbé e lọ: ìgbà tí ìyà jẹ ẹ́, kò rí ẹnìkan nínú ìjọ tó di ọwọ́ rẹ̀ mú. Ẹ jẹ́ kí èyí ká wa lára.

ṢÉ OHUN TÍ A Ń FỌWỌ́ KÀN BURÚ NI?

Rárá o. Erùpẹ̀ ni Ọlọ́run fi mọ ènìyàn (Jẹ́nẹ́sísì 2:7). Jésù na ọwọ́ kan adẹ́tẹ̀ (Mátíù 8:3), Ó sì ní kí Tọ́másì fi ìka kan ojú ọgbẹ́ Òun. Omi ni a fi ń ṣe ìrìbọmi, òróró ni a fi ń gbàdúrà fún aláìsàn (Jákọ́bù 5:14). Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé ní gbangba ni a ń ṣe é, ọmọdé pàápàá lè wò ó. Jésù sọ fún olórí àlùfáà pé Òun kò sọ ohunkóhun ní ìkọ̀kọ̀ (Jòhánù 18:20). Ó tún kọ̀ fún wa láti fi ilẹ̀ búra, nítorí àpótí ìtìsẹ̀ Ọlọ́run ni (Mátíù 5:35). Ẹni tó ni ilé ni kí a bẹ̀rù, kì í ṣe àpótí ìtìsẹ̀ rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a yẹ ara wa wò pẹ̀lú. Ẹni tó gbé ìgò òróró kọ́ sẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù bí òǹdè, tí kò gbàdúrà, tí òṣùwọ̀n rẹ̀ kò sì péye, kí ni ó fi sàn ju ẹni tó gbé edan sílé lọ? Òróró kì í ṣe oògùn.

ÌMỌ̀RÀN FÚN ÌDÍLÉ

Bí ẹ bá ti wọ inú rẹ̀, ẹ má dá a gbé. Ìwé Léfítíkù 5:4-5 sọ ohun tí ẹni tó ti fi ẹnu ara rẹ̀ búra láìròtẹ́lẹ̀ yóò ṣe: kí ó jẹ́wọ́. Ẹ sọ fún ìyàwó yín, ẹ sọ fún pásítọ̀. Olúwa ló ni ilẹ̀ (Orin Dáfídì 24:1); kò sí bí ilẹ̀ yóò ṣe gbé ẹni tí Onílẹ̀ dì mú.

Ẹ̀yin bàbá, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bí ẹ ṣe fẹ́ kí wọ́n sin yín, kí ẹlẹ́rìí méjì fọwọ́ sí i, kí olórí ẹbí àti pásítọ̀ mọ̀ nípa rẹ̀. Ẹ̀yin ọmọ, bí àwọn àgbà wọ̀nyẹn bá dé, ẹ kúnlẹ̀ kí wọn, ẹ fún wọn ní àga. Ẹ jẹ́ kí olórí ẹbí bá wọn sọ̀rọ̀ pẹ̀lú sùúrù, kí ẹ sì dúró lórí ohun tí bàbá yín kọ. Ẹ má sì na ìka sí bàbá arúgbó kankan ládùúgbò kìkì nítorí pé ó lówó tàbí pé ó dákẹ́.

Lálẹ́ òní, lẹ́yìn àdúrà ìdílé, ẹ bi ara yín léèrè: ǹjẹ́ ohun kan wà tí a jẹ́jẹ̀ẹ́ rẹ̀ tí ẹnì kejì kò mọ̀? Ìbéèrè yẹn sàn nígbà tí gbogbo wa ṣì wà láàyè láti dáhùn rẹ̀.