Ẹ̀rí Tó Ń Pòórá Lójú Títì

Bí ọkọ̀ méjì bá forí sọra lójú ọ̀nà Èkó sí Ìbàdàn, ohun tó ń jẹ gbogbo ẹni tó sáré débẹ̀ lọ́kàn ni bí wọ́n ṣe máa gbé àwọn tó fara pa dé ilé ìwòsàn, lẹ́yìn náà bí wọ́n ṣe máa wọ́ ọkọ̀ kúrò lọ́nà kí súnkẹrẹ-fàkẹrẹ lè tú. Bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn. Àmọ́ wákàtí yẹn kan náà ni ẹ̀rí ń pòórá: ipa tí táyà fà sórí ọ̀dà nígbà tí awakọ̀ tẹ bíréèkì, ibi tí gíláàsì fọ́ dà sí, ìhà títì tí ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan wà. Bí opó tàbí ẹni tí wọ́n gé lẹ́sẹ̀ bá wá gba ilé ẹjọ́ lọ lẹ́yìn oṣù mélòó kan láti béèrè owó gbà-máà-bínú, ohun tó ti pòórá yẹn gan-an ni adájọ́ máa bi í. Ìdí nìyẹn tí mo fi gbà pé ojú títì ni ẹjọ́ ìjàǹbá ọkọ̀ ti ń kú tàbí ti ń yè, àti pé ọwọ́ ọlọ́pàá ẹ̀ka ọkọ̀, tí aráàlú ń pè ní MTD, ló wà.

Òfin ilẹ̀ wa kò ní kí èèyàn gba owó kìkì nítorí pé ọkọ̀ gbá a. Olùpẹjọ́ gbọ́dọ̀ fi hàn pé ó yẹ kí awakọ̀ ṣọ́ra fún òun, pé kò ṣọ́ra, àti pé àìbìkítà yẹn ló ṣe òun léṣe. Ti àkọ́kọ́ kì í le. Èkejì ni ọ̀pọ̀ ẹjọ́ ń kú sí. Abala 131 nínú Òfin Ẹ̀rí ti 2011 gbé ẹrù ẹ̀rí ka orí ẹni tó bá sọ pé ohun kan ṣẹlẹ̀. Abala 134 sì ní kí adájọ́ wo tọ̀tún tòsì, kó mọ èyí tó tẹ̀wọ̀n jù. “Eré àsápajúdé ló ń sá” nìkan kò tẹ̀wọ̀n. Ohun tó ń tẹ̀wọ̀n ni àwòrán ibi ìṣẹ̀lẹ̀ tí ọlọ́pàá fọwọ́ yà, tó fi téèpù wọ̀n, àti àbájáde àyẹ̀wò àwọn VIO, ìyẹn àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń yẹ ọkọ̀ wò, lórí bíréèkì àti táyà.

Agbẹjọ́rò lè ní mo ti sọ ọ́ le jù, torí òfin mọ ohun tí wọ́n ń pè ní res ipsa loquitur, ìyẹn ìṣẹ̀lẹ̀ tó ń fẹnu ara rẹ̀ rojọ́. Láti 1863 ló ti wà, nígbà tí wọ́n dá ẹjọ́ àgbá ìyẹ̀fun tó já láti ojú fèrèsé lu ẹni tó ń kọjá lọ ní Liverpool, àwọn ilé ẹjọ́ wa sì ń lò ó. Lóòótọ́, tírélà tó kúrò lójú títì lọ wó lu àwọn tó ń tajà kò nílò àlàyé púpọ̀. Ṣùgbọ́n òfin yìí fún awakọ̀ láyè láti dáhùn, ìdáhùn rẹ̀ kì í sì í pẹ́: táyà ló bẹ́, bíréèkì ló já. Bí VIO bá ti kọ ọ́ sílẹ̀ pé táyà náà ti jẹ dé wáyà, ìdáhùn yẹn á dà lé e lórí. Bí kò bá sẹ́ni tó yẹ̀ ẹ́ wò kí wọ́n tó wọ́ ọkọ̀ lọ, kí ni olùpẹjọ́ máa fi já a?

Àtakò tó wúwo jù kò ti ọ̀dọ̀ agbẹjọ́rò wá. Àwọn ẹbí a máa ní àmúwá Ọlọ́run ni, pé awakọ̀ náà kò kúkú lówó, kí wọ́n jọ̀wọ́ rẹ̀. Mi ò fojú kékeré wo àánú yẹn. Àmọ́ òfin kì í wo awakọ̀ nìkan: ẹni tó gbà á síṣẹ́ máa ń dáhùn fún àṣìṣe tó ṣe lẹ́nu iṣẹ́, ìwé adójútòfò ẹnìkẹta sì jẹ́ dandan. Láti ìbẹ̀rẹ̀ 2023 ni iye tí onímọ́tò aládàáni ń san fún un ti kúrò ní ₦5,000 bọ́ sí ₦15,000. Owó tí wọ́n ti san sílẹ̀ de irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀ ni ẹbí ń jọ̀wọ́, ilé iṣẹ́ adójútòfò á sì béèrè àkọsílẹ̀ ọlọ́pàá kó tó tú u sílẹ̀. Iṣẹ́ àgọ́ ọlọ́pàá ni láti fún ẹni tó fara pa ní ẹ̀dà àkọsílẹ̀ náà kíákíá, kì í ṣe oore. Bó bá jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba tó wà lẹ́nu iṣẹ́ ló wa ọkọ̀ náà, oṣù mẹ́ta péré ni òfin tó ń dáàbò bo irú wọn fi sílẹ̀ fún ìpẹjọ́, egungun itan tó dá sì lè má tíì so pọ̀ nígbà yẹn.