Ẹ jẹ́ ká mọ̀: Báwo ni Songhai ṣe ń jagun?

Ẹ̀yin ará wa ní Lazaret, ní Niamey, ṣé ẹ mọ̀ pé ọ̀nà ogun ilẹ̀ ọba Songhai ni odò Ọya yìí nígbà kan?

1. Ẹlẹ́ṣin Songhai ń fi ọ̀kọ̀ jà, àwọn ẹlẹ́sẹ̀ ń ta ọfà.

2. Hi-koi ni olórí ọkọ̀ ojú omi. Ipò ńlá ni láàfin!

3. Ní oṣù kẹta ọdún 1591, ọmọ ogun Songhai pàdé ọ̀gágun Judar Pasha àti ọmọ ogun oníbọn rẹ̀ láti Mòrókò ní Tondibi, nítòsí Gao. Songhai da màlúù sí wọn. Ìró ìbọn dẹ́rù ba màlúù, wọ́n sì yí padà kọ lu àwọn tó dà wọ́n. Songhai pọ̀ jù wọ́n lọ fíìfíì, síbẹ̀ ìbọn ló borí. Ó dùn mí gan-an.

Ogun ò tán síbẹ̀ o. Askia Nuhu, ọba Songhai, fà sẹ́yìn lọ sí agbègbè Dendi, ó sì ń bá àwọn ará Mòrókò jà fún ọdún púpọ̀.

Ẹ pín in kí àwọn ọmọ wa lè kà á.