Wọ́n Gé Orin Bí Aṣọ, Wọ́n Tún Rán An Pọ̀!

Ẹ̀yin télọ̀, ẹ gbọ́ o! Ní London, lọ́dún 1966, ọ̀nà méjì ni àwọn olórin rọ́ọ̀kì Beatles gbà ká “Strawberry Fields Forever”. Èkíní ń lọ jẹ́ẹ́jẹ́. Èkejì yára, ó ní fèrè àti gòjé ńlá. John Lennon ní ìbẹ̀rẹ̀ èkíní àti ìparí èkejì ló wu òun, kí wọ́n so wọ́n pọ̀. George Martin, ọ̀gá tó ń bá wọn gba orin sílẹ̀, ní ohùn wọn ò dọ́gba, ìyára wọn ò dọ́gba. Lennon ní wọ́n á rí i ṣe. Irú oníbàárà yìí pọ̀ lọ́jà!

Orí bá wọn ṣe é: èyí tó yára náà ni ohùn rẹ̀ ga jù. Ní ọjọ́ 22 oṣù Kejìlá, Martin àti Geoff Emerick tó wà nídìí ẹ̀rọ dẹ ìyára rẹ̀, ni ohùn náà bá wálẹ̀. Wọ́n gé téèpù, wọ́n lẹ̀ ẹ́ pọ̀. Orin jáde ní 1967. Ẹni tó bá tẹ́tí dáadáa, ní nǹkan bí ìṣẹ́jú kan, á gbọ́ ojú rírán.