Ẹ̀fọ́ Tí Kò Tí ì Gbó: Bí A Ṣe Ń Fi Òrí àti Efinrin Sè É

Ẹ̀yin ará, ó lè ya àwọn mìíràn lẹ́nu pé ọ̀rọ̀ ìdáná ni a mú wá síwájú yín. Ṣùgbọ́n Dáníẹ́lì àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ mẹ́ta kò ka oúnjẹ sí ọ̀rọ̀ kékeré ní Bábílónì, nígbà tí wọ́n bẹ̀bẹ̀ pé kí a fi ohun ọ̀gbìn dán àwọn wò fún ọjọ́ 10. Ní Ìwó níhìn-ín, a kò ṣe aláìní ẹ̀fọ́. Bí òjò bá ti rọ̀, gbúre àti ẹ̀bọ̀lọ̀ a hù láìsí ẹni tí ó gbìn wọ́n. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn ẹ̀wẹ̀, a ní tẹ̀tẹ̀ àti ṣọkọ àkùrọ̀. Síbẹ̀, a ti wọ ilé onígbàgbọ́ tí ìyá ti ń se ẹ̀fọ́ lójoojúmọ́, tí ọmọ rẹ̀ sì ń táràrà kiri bí ilẹ̀ bá ti ṣú, nítorí kò ríran ní alẹ́. Ilé ìwòsàn ni kí a kọ́kọ́ gbé irú ọmọ bẹ́ẹ̀ lọ, a sì ti sọ bẹ́ẹ̀ fún un. Ṣùgbọ́n ìbéèrè tí ìyá náà bi wá kò kúrò lọ́kàn wa: níbo ni agbára ẹ̀fọ́ náà ń gbà lọ?

Apá kan ń bá omi lọ. Ọ̀pọ̀ nínú wa ni ń rẹ́ ẹ̀fọ́ tán kí a tó fọ̀ ọ́, tí a sì ń fi kán-ún bọ̀ ọ́, tí a ń fún omi rẹ̀ dànù sí ẹ̀yìnkùlé. Kán-ún a máa mú kí ewé tètè rọ̀, kí àwọ̀ rẹ̀ sì dára lójú. Ṣùgbọ́n òun náà ni ń ba fítámìn C jẹ́, èyí tí iná ti ń dín kù tẹ́lẹ̀. Ti fítámìn A, tí ojú nílò, yàtọ̀. Ọ̀rá ni ohun tí ara fi ń ṣe é ń yọ́ sí, kì í ṣe omi. Ẹni tí ó bá jẹ ewé bíbọ̀ láìsí ọ̀rá, díẹ̀ ni ara rẹ̀ yóò rí gbà nínú rẹ̀.

Ibí yìí ni òrí ti wúlò. Àwọn òyìnbó a máa fi bọ́tà yí kárọ́ọ̀tì kéékèèké, wọn a sì rẹ́ ewé olóòórùn dídùn sí i. Àwọn baba ńlá wa kò dúró de bọ́tà. Mungo Park, ará Skọ́tíláńdì, ẹni tí ó rin ìrìn àjò dé odò Ọya láàárín 1795 sí 1797, jẹ́rìí pé òrí dùn ní ẹnu òun ju bọ́tà wàrà màlúù lọ. Orúkọ rẹ̀ ni àwọn onímọ̀ ewéko fi pe igi náà fún ìgbà pípẹ́, Butyrospermum parkii. Vitellaria paradoxa ni wọ́n ń pè é nísinsìnyí. Ìhà Ṣakí àti Kíṣí ni ó pọ̀ sí ní ilẹ̀ wa. Àwa ni a sọ ọ́ di ìpara ọmọ ọwọ́ nìkan! A kò fi èyí kẹ́gàn epo pupa, tí òun fúnra rẹ̀ ní ohun tí ń di fítámìn A nínú, bí a kò bá ti dín in títí tí ó fi funfun.

Ẹ jẹ́ kí a mú tẹ̀tẹ̀ tí ó tó nǹkan bí ọ̀sẹ̀ 3 sí 4. Bí a bá ṣẹ́ igi rẹ̀ tí ó dá láìfà bí òwú, kò tí ì gbó. Odidi ewé ni kí a fọ̀, ní omi mẹ́ta, nítorí iyanrìn àti oògùn kòkòrò tí àwọn àgbẹ̀ kan ń fín; lẹ́yìn náà ni kí a rẹ́ ẹ. Kí a yọ́ òrí ṣíbí ìjẹun 2 lórí iná tí kò lágbára, kí ó má rú èéfín, kí a da àlùbọ́sà, ata àti irú sí i, kí a wá da ẹ̀fọ́ lé e pẹ̀lú omi tí ó wà lára rẹ̀ nìkan. Ìṣẹ́jú 3 sí 5 ti tó. Ewúro nìkan ni a óò fọ ìkorò rẹ̀ kúrò. Ẹni tí dókítà sì ti kìlọ̀ fún nípa òkúta inú kíndìnrín lè bọ tẹ̀tẹ̀ tirẹ̀, kí ó da omi nù.

Efinrin ni ó kẹ́yìn, nígbà tí a bá ti sọ ìkòkò kalẹ̀. Òórùn rẹ̀ wà nínú òróró kan tí ń bá ooru fò lọ. Bí a bá tètè fi í sí i, àwọn aládùúgbò ni yóò gbádùn rẹ̀. Kí a jẹ ẹ́ ní gbígbóná pẹ̀lú iyán tàbí àmàlà, nítorí nígbà ọyẹ́, òrí a máa dì padà sí ètè ẹni.