Ìgbátí Ọrùn Ẹ̀wù: Bí A Ti Í Gé E, àti Ìdí Rẹ̀

Àwọn baba wa wí pé aṣọ ni à ń kí, kí a tó kí ènìyàn. Ní Ìlọrin, níbi tí a ti ń hun aṣọ òfì láti ìgbà pípẹ́ wá, ẹ̀wù kan lè gba owó iṣẹ́ oṣù púpọ̀ lọ́wọ́ ẹni tí ó ni ín. Síbẹ̀, bí ọrùn rẹ̀ bá hunjọ, tàbí tí ó ya lẹ́yìn ìfọ̀ méjì, làálàá ahunṣọ ti di asán nítorí ègé aṣọ kékeré kan. Ègé náà ni ìgbátí. Èyí tí a gé bí ó ti yẹ ni àwọn aránṣọ ń pè ní báyáàsì, òun ni àwa sì fẹ́ là yé yín.

Gbogbo aṣọ tí a hun ní òwú oríṣi méjì: òwú ìta, tí ó lọ ní gígùn, àti òwú ìwun, tí ó dábùú rẹ̀ kọjá. Ẹ mú ègé aṣọ òwú kan, kí ẹ fà á ní gígùn: kò ní nà. Ẹ fà á ní ìbú: díẹ̀ ni yóò nà. Ṣùgbọ́n ẹ di igun méjì tí ó kọjú sí ara wọn mú, kí ẹ sì fà á: lójú kan náà yóò nà, yóò sì tẹ̀ bí ẹ ti fẹ́. Ìdí rẹ̀ ni pé òwú fúnra rẹ̀ kò nà. Àwọn ojú kéékèèké onígun mẹ́rin tí ó wà láàárín ìta àti ìwun ni ó ń yí ìrísí padà. Ọrùn ẹ̀wù sì rèé, róbótó ni. Ìgbátí tí a gé ní gígùn dà bí igi gbígbẹ, kò lè yí i ká láìhunjọ. Èyí tí a gé láti igun dé igun dà bí ìtàkùn tútù.

Aṣọ òfì ní ìdí mìíràn tí ó fi ń fẹ́ ìgbátí. Ọ̀já tí ìbú rẹ̀ tó bí íǹṣì 4 tàbí 5 ni a ń rán mọ́ ara wọn ní etí kí ó tó di aṣọ. Nígbà tí aránṣọ bá yọ ọrùn sí i, àlùmọ́gàjí rẹ̀ gé àwọn ojú-ìrán wọ̀nyí pẹ̀lú, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti ń bẹ̀rẹ̀ sí í tú. Àwọn ará ìgbàanì mọ ewu yìí: nínú Ìwé Ẹ́kísódù, orí 28, a pàṣẹ pé kí a fi iṣẹ́ híhun yí ojú ọrùn aṣọ ìgúnwà Áárónì ká, kí ó má baà ya. Tirẹ̀ jẹ́ híhun, tiwa jẹ́ gígé. Ète kan náà ni.

Ṣùgbọ́n ẹ má ṣe gé ìgbátí lára òfì fúnra rẹ̀. Ọ̀já oníǹṣì 4, bí a bá gé e ní fífì sí ẹ̀gbẹ́ láti etí kan dé èkejì, kò lè fún wa ní ègé tí ó gùn tó íǹṣì 6. Ọrùn tí ó yí ká ní íǹṣì 24 yóò gba ègé 5 ó kéré tán. Oríkèé wọn yóò le, yóò sì máa ha ọrùn ẹni. Aṣọ òwú fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ni kí a lò: aláró fún ẹtù, pupa fún àlàárì, aláwọ̀ yanrìn fún sányán. Kí a kọ́kọ́ fọ̀ ọ́, kí ó má baà súnkì lára ẹ̀wù.

Bí a ti í gé e nìyí. A mú aṣọ tí igun rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin gún régé, a sì ká igun kan títí etí tí ó lọ ní gígùn yóò fi sùn déédé lẹ́gbẹ̀ẹ́ òwú ìwun. Ibi tí aṣọ ti ká ni ìlà tí a ń wá. A fi ẹfun sàmì sí i, a sì fa àwọn ìlà yòókù lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Bí a bá fẹ́ kí ìgbátí hàn ní ìdajì íǹṣì, kí a gé e ní íǹṣì 2, nítorí pé ìṣẹ́po mẹ́rin ni yóò ní. Ìtàn ìlú sọ pé láti ara òkúta tí a fi ń lọ irin ni Ìlọrin ti gba orúkọ rẹ̀. Kí àlùmọ́gàjí wa yẹ orúkọ náà, nítorí irin tí kò mú a máa wọ́ aṣọ dípò kí ó gé e. Lẹ́yìn èyí, a ó rán ìgbátí mọ́ etí ọrùn ní ojú aṣọ, a ó ká a sí inú, a ó sì fi abẹ́rẹ́ rán an mọ́lẹ̀ níbẹ̀. Kí a fà á díẹ̀ níbi tí ọrùn ti tẹ̀, ṣùgbọ́n kí a má fi ipá fà á. Ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́.

Ẹnìkan lè wí pé ọ̀nà yìí ń fi aṣọ ṣòfò. Èrò yìí ni ó mú kí àwọn ọ̀gá kan máa gé ìgbátí ní gígùn, tí àwọn ọmọ-iṣẹ́ wọn sì ń kọ́ ọ bẹ́ẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a ṣírò rẹ̀. Aṣọ tí ó jẹ́ íǹṣì 18 ní gígùn àti ní ìbú, bí a bá gé e sí ọ̀já oníǹṣì 2, yóò fún wa ní íǹṣì 162, èyíinì ni yáàdì 4 àti ààbọ̀. Bí a tilẹ̀ yọ ti oríkèé kúrò, ó tó ọrùn ẹ̀wù 5. Ta ni yóò pe èyí ní òfò, nígbà tí ẹ̀wù olówó iyebíye wà nínú ewu?

Bẹ́ẹ̀ náà ni ti aṣọ ìbora onípele, èyí tí a fi òwú sí àárín aṣọ méjì, tí a sì rán an pọ̀. Etí rẹ̀ gún, kò tẹ̀. Ṣùgbọ́n etí náà ni ọwọ́ ń dì mú lójoojúmọ́. Bí ìgbátí rẹ̀ bá jẹ́ gígé ní gígùn, òwú kan tàbí méjì ni ó dùbúlẹ̀ sí ojú ibi tí ó ká. Nígbà tí wọ́n bá gbó, gbogbo etí ni yóò là. Bí a bá gé e láti igun dé igun, ọ̀pọ̀lọpọ̀ òwú ni ó ń kọjá níbẹ̀, olúkúlùkù sì ń gba díẹ̀ nínú ẹrù náà, gẹ́gẹ́ bí ó ti yẹ láàárín ará.

Nítorí náà, ẹ̀yin ọ̀gá aránṣọ, ẹ kọ́ àwọn ọmọ-iṣẹ́ yín ní ọ̀nà, kí ẹ sì kọ́ wọn ní ìdí rẹ̀ pẹ̀lú. Ẹ̀yin ìyá tí ẹ ń gbé aṣọ fún aránṣọ, ẹ yí ọrùn ẹ̀wù síta kí ẹ tó san owó. Bí òwú ìgbátí bá fì sí ẹ̀gbẹ́, ẹ gbà á pẹ̀lú ọpẹ́. Bí ó bá gún gbọọrọ, ẹ béèrè ìdí.